Ẹni Tó Mú Orin Rẹ̀ Dání: Ìrìn Nine Inch Nails àti Orin Ẹ̀rọ Tó Ṣókùnkùn ní Ìlọrin

Ẹ kú ìjókòó, ẹ̀yin àgbà tó yà sọ́dọ̀ wa, ẹ̀yin ọ̀dọ́ tó ń ṣe orin ní Ìlọrin, àti ẹ̀yin tí ẹ wọkọ̀ láti Ọ̀fà, Àjàṣẹ́-Ìpo àti Òmù-Àrán. Orin ẹ̀rọ tó ṣókùnkùn ni ọ̀rọ̀ wa lónìí: orin tí kì í sábà pe ènìyàn síjó, tí ohùn rẹ̀ wúwo, tó ń rìn díẹ̀díẹ̀, tí ariwo irin àti ti iná mànàmáná dúró síbi tí ìlù máa ń dúró sí. Iṣẹ́ ẹnì kan ni a ó gbà wọ inú ọ̀rọ̀ náà. Trent Reznor ni orúkọ rẹ̀, Nine Inch Nails sì ni orúkọ tó ń fi ṣe orin láti 1988, ní ìlú Cleveland, ìpínlẹ̀ Ohio, Amẹ́ríkà. Bí ẹ bá rí i lórí ìtàgé, ẹ ó rò pé ẹgbẹ́ olórin ni. Àwọn tó ń bá a lù lórí ìtàgé ń wá, wọ́n ń lọ. Nínú sítúdíò, òun nìkan ni fún ọ̀pọ̀ ọdún, kí alábàáṣiṣẹ́ rẹ̀, Atticus Ross, tó wọlé gẹ́gẹ́ bí ọmọ ẹgbẹ́ ní 2016.

A ò mú un nítorí pé orin rẹ̀ ló dára jù láyé. A mú un nítorí pé bí ènìyàn bá tọ ipasẹ̀ rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀, yóò rí i pé irú iṣẹ́ yìí kì í kú nítorí àìsí ẹ̀rọ. Ìwé tí wọ́n fọwọ́ sí láìkà á ló máa ń pa á, tàbí fáìlì tó sọnù, tàbí owó tí ẹnikẹ́ni ò kọ sílẹ̀. Nítorí náà, a ó sọ̀rọ̀ ohùn dáadáa, ṣùgbọ́n a ó sọ ti ìwé àti owó pẹ̀lú, ẹ má bínú.

Orin yìí ti wà kí Reznor tó dé. Ní ìlú ọba, ẹgbẹ́ olórin Throbbing Gristle bẹ̀rẹ̀ ní 1975, wọ́n dá ilé iṣẹ́ orin Industrial Records sílẹ̀ ní 1976, orúkọ yẹn ni wọ́n sì fi ń pe irú orin náà títí dòní. Ní Vancouver ní Kánádà, ẹgbẹ́ olórin Skinny Puppy dìde ní 1982. Nine Inch Nails ṣí ìtàgé fún wọn ní 1988, nígbà tí kò tíì ní àwo kankan. Ní Nàìjíríà tiwa, William Onyeabor ti ń fi synthesizer (ẹ̀rọ tó ń fi iná mànàmáná dá ohùn) ṣe àwo ní Enugu láti 1977 títí di 1985, ó sì ń gbé wọn jáde fúnra rẹ̀. Orin ijó ni tirẹ̀, kò ṣókùnkùn rárá, ṣùgbọ́n ẹ fi orúkọ rẹ̀ sọ́kàn nígbà tí a bá dé ọ̀rọ̀ ta ló ni kí ni.

Ní Cleveland, Reznor ń ṣiṣẹ́ ní sítúdíò kan tí wọ́n ń pè ní Right Track. Ó ń ran àwọn ẹlẹ́rọ lọ́wọ́, ó sì ń gbálẹ̀. Ẹni tó ni sítúdíò náà gbà kí ó máa lo yàrá nígbà tí oníbàárà kò bá sí, ìyẹn ni pé òru ló máa ń rí lò. Kò rí ẹgbẹ́ tó lè lù ú bó ṣe ń gbọ́ ọ lọ́kàn, ló bá ń lù ú fúnra rẹ̀. Kọ̀ǹpútà Macintosh kan ló ní, sampler E-mu Emax kan (ẹ̀rọ tó ń gba ohùn, tí a sì lè fi kíbọ́ọ̀dù tẹ ohùn náà), Minimoog, àti ìwọ̀nba synthesizer mìíràn. Gbogbo ìrántí tí Emax yẹn ní fún ohùn kò ju 512 kilobyte lọ. Fóònù tí ẹ fi ń ya fọ́tò wa báyìí fi ìlọ́po tó ju ẹgbẹ̀rún lọ jù ú. Síbẹ̀, ibẹ̀ ni àwo àkọ́kọ́, Pretty Hate Machine, ti bẹ̀rẹ̀, ó sì jáde ní 20 oṣù kẹwàá 1989.

Èyí ló fi yẹ kí ẹni tó ń bẹ̀rẹ̀ mú irinṣẹ́ mẹ́ta péré fún orin kan: synthesizer kan, ohùn kan tó gbà fúnra rẹ̀ láti ìta, àti ẹ̀rọ kan tó ń da ohùn rú. Ti synthesizer, Surge XT wà lọ́fẹ̀ẹ́, Vital náà ní èyí tó jẹ́ ọ̀fẹ́. Ti ètò tí a fi ń to orin lórí kọ̀ǹpútà, LMMS wà lọ́fẹ̀ẹ́ fún ẹni tí kò ní owó Reaper. Ẹni tó bá kó plugin (ètò àfikún fún orin) igba sínú láptọ́ọ̀pù kò ní parí orin kan. A ti rí i lọ́dọ̀ ọ̀pọ̀ ènìyàn.

Bí òkùnkùn ṣe ń wọ inú ohùn

Ẹ jẹ́ kí a ṣe é báyìí. Ohùn ìsàlẹ̀ ni kí ẹ kọ́kọ́ tẹ́. Ẹ mú A tó wà ní 55 Hz (ìgbọ̀n 55 láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan), ẹ fi oscillator méjì (ohun tó ń dá ohùn nínú synthesizer) gbé e, kí méjèèjì jẹ́ saw (ohùn líle tí ìgbì rẹ̀ dà bí eyín ayùn). Ẹ wá yí èkejì kúrò lójú ọ̀nà ní 10 cent (ọgọ́rùn-ún cent ló wà láàárín kọ́kọ́rọ́ kan lórí kíbọ́ọ̀dù àti èyí tó tẹ̀ lé e). Àwọn ohùn méjèèjì á bẹ̀rẹ̀ sí í bá ara wọn jà: wọn á kún, wọn á tún fà, ní nǹkan bí ìṣẹ́jú àáyá mẹ́ta-mẹ́ta. Bí ẹni pé yàrá náà ń mí ló máa ń rí létí. Ṣùgbọ́n bí ẹ bá gbé 10 cent kan náà lọ sí A tó wà ní 440 Hz, ìjà yẹn á di ẹ̀ẹ̀méjì ààbọ̀ láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan, ohùn á sì máa gbọ̀n bí ti ẹni tí ibà mú. Lókè, 2 tàbí 3 cent ti tó. Ohun tó fà á ni pé cent kì í ṣe iye Hz kan pàtó. Ìpín ni, ó ń tóbi bí ohùn bá ṣe ń ga sí i.

Lẹ́yìn èyí, ẹ fi low-pass filter (èyí tó ń gé ohùn òkè kúrò) bò ó ní nǹkan bí 250 Hz, kí ẹ sì jẹ́ kí LFO (oscillator tó lọ́ra, tí a kì í gbọ́) máa tì í lọ sókè sódò láàárín 180 àti 400 Hz. Ẹ fi LFO sí 0.05 Hz, èyí tó jẹ́ pé ogún ìṣẹ́jú àáyá ni yóò fi yípo kan. Ọ̀pọ̀ ló máa ń fi sí 1 Hz, orin wọn á wá máa ké bí ọmọ ọwọ́. Ohun tó ń dẹ́rù bani nínú orin yìí ni pé etí mọ̀ pé nǹkan ń yí padà, ṣùgbọ́n kò mọ ìgbà tó yí.

Bí ẹ bá fẹ́ kí ọkàn olùgbọ́ má balẹ̀, ẹ fi B flat lé A náà lórí. Àmọ́ kí A dúró sísàlẹ̀, kí B flat lọ sókè ní octave méjì (octave kan ni kí Hz di ìlọ́po méjì), kí ó sì rọlẹ̀ ju A lọ ní nǹkan bí 18 dB (ìwọ̀n agbára ohùn). Bí ẹ bá kó méjèèjì sí ìsàlẹ̀ pátápátá, etí kò ní gbọ́ ìjà ohùn kankan. Ẹrẹ̀ lásán ló máa gbọ́.

Ìlù ńkọ́? Níbí ni Ìlọrin ti lówó. Orin industrial mú ariwo ilé iṣẹ́ ńlá. Àwa ní àwọn tó ń hun aṣọ òfì, tí ọ̀kọ̀ ń kọjá láàárín òwú, tí ẹsẹ̀ ń tẹ ìtẹ̀sẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan. Ìró yẹn ti ní àkókò tirẹ̀ nínú, kò dọ́gba bíi ti kọ̀ǹpútà, ó sì dára bẹ́ẹ̀. Ẹ kọ́kọ́ kí àwọn ahunṣọ, ẹ sọ ohun tí ẹ fẹ́ ṣe, ẹ fún wọn lówó iṣẹ́ wọn, nítorí wọ́n máa ní láti dákẹ́ ọ̀rọ̀ sísọ fún ìṣẹ́jú márùn-ún. Ẹ fi fóònù sí flight mode, ẹ yan WAV (fáìlì ohùn tí a kò fún pọ̀), ẹ pa ohun tó ń dín ariwo kù, ẹ gbé máíkì sí nǹkan bí 30 cm sí ibi tí igi ti ń kan igi. Kí ibi tí ohùn ga jù má kọjá −12 dB. Ẹ tún gba ọgbọ̀n ìṣẹ́jú àáyá ìdákẹ́jẹ́ àyíká náà lọ́tọ̀. Ìyẹn lẹ ó fi dí àlàfo níbi tí ẹ bá ti gé nǹkan kúrò. Nígbà ọyẹ́, ẹ fi fóòmù bo máíkì, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ afẹ́fẹ́ nìkan lẹ máa gbọ́.

Bí ẹ bá dín eré ìró òfì yẹn kù sí ìdajì, ohùn rẹ̀ á sọ̀ kalẹ̀ ní octave kan, igi kékeré á sì di ẹ̀rọ ńlá tó wà nínú ilé tí kò ní fèrèsé. Kí ni ó máa ń bàjẹ́ níbẹ̀? Ohùn òkè. Ohun tí ẹ gbà ní 44.1 kHz kò ní ohunkóhun lókè 22 kHz. Bí ẹ bá dín in kù sí ìdajì, 11 kHz ni yóò dópin sí, ohùn á sì dà bí ẹni pé wọ́n fi aṣọ bò ó. Ẹni tó bá ní recorder tó dára, kí ó gbà á ní 96 kHz. Ti fóònù, kò sí àǹfààní nínú 96, nítorí máíkì rẹ̀ kì í gbọ́ ohùn òkè yẹn láti ilẹ̀. Ẹ kàn fi ariwo díẹ̀ kún un lókè, bí ìró òjò, ó tó.

Kick gidi (ìlù ńlá ìsàlẹ̀) kò le. Ẹ mú sine (ohùn tó mọ́ jù lọ), ẹ jẹ́ kí ó bọ́ láti 150 Hz sí 50 Hz láàárín 60 millisecond, kí ó kú kí 300 tó pé. Ẹ fi ìró òfì lé e lórí. Bí orin bá ń lọ ní 80 BPM (iye ìlù láàárín ìṣẹ́jú kan), 60,000 tí a pín sí 80 yóò fún yín ní 750 millisecond fún ìlù kan. Iye yìí ni kí ẹ fi to delay (ohun tó ń tún ohùn sọ lẹ́yìn ìgbà díẹ̀), kí ẹ̀dà ohùn lè bọ́ sójú ìlù.

Ibi tí ọ̀pọ̀ ti ń ṣìṣe jù ni distortion, ẹ̀rọ tó ń da ohùn rú. Wọ́n á fi sórí gbogbo bass (ohùn ìsàlẹ̀), bass á sì sá lọ. Ìdí ni pé distortion ń fún ohùn pa, ohun tó wúwo jù níbẹ̀ ló sì ń ṣáájú gba àyè, yóò máa ti àwọn yòókù ṣubú. Ẹ ṣe ẹ̀dà bass náà, ẹ gé ẹ̀dà yẹn kúrò nísàlẹ̀ 150 Hz, ẹ da ẹ̀dà náà rú dáadáa, kí ẹ wá gbé e pọ̀ mọ́ ti àkọ́kọ́ ní ìwọ̀n 20 sí 30 nínú ọgọ́rùn-ún. Ọ̀nà yìí tún ń yanjú ìṣòro kejì. Orí fóònù ni èyí tó pọ̀ jù nínú àwọn olùgbọ́ yín yóò ti gbọ́ orin, sípíkà fóònù kò sì lè gbé 55 Hz rárá. Ṣùgbọ́n bí 220, 275 àti 330 bá wà níbẹ̀, ọpọlọ fúnra rẹ̀ á parí ìyókù, á gbọ́ bass tí sípíkà kò sọ.

Reverb (ìró tó ń padà wá bí nínú gbọ̀ngàn): 6 sí 8 ìṣẹ́jú àáyá, pre-delay (ìdúró kí ìró tó padà) 40 millisecond, lórí send (ọ̀nà lọ́tọ̀ tí a fi ń fi ohùn ránṣẹ́ sí i), kí ẹ sì gé ohun tó padà wá kúrò nísàlẹ̀ 250 Hz. Kick kì í gba reverb. Ẹ fi distortion ṣáájú reverb. Bí ó bá jẹ́ pé reverb ló ṣáájú, ìrù gígùn yẹn ló máa dàrú, gbogbo orin á di ìkùukùu. Òkùnkùn nílò ibi tó gbẹ, tó sún mọ́ etí, kí a tó lè mọ̀ pé ibi kan jìn.

Ti ohùn ẹnu ni a fẹ́ dúró lé lórí díẹ̀, nítorí ìwé àwọn òyìnbó kì í kọ́ wa. Púpọ̀ nínú àwọn tó ń ṣe orin yìí máa ń gba ohùn wọn kọjá nínú vocoder, kí ó lè dà bí ẹ̀rọ. Ní Gẹ̀ẹ́sì, ọ̀rọ̀ ṣì máa ń yéni. Ní Yorùbá, bí ẹ bá fi kọ́ọ̀dù kan ṣoṣo bọ́ vocoder, gbogbo àmì ohùn á di pẹrẹsẹ, olùgbọ́ kò sì ní mọ ohun tí ẹ sọ. Ẹ ṣe bí dùndún ti ń ṣe: ẹ mú kọ́kọ́rọ́ mẹ́ta, ká ní A, C àti D, kí A jẹ́ dò, kí C jẹ́ re, kí D jẹ́ mí, kí ẹ máa fi ọwọ́ tẹ̀ ẹ́ tẹ̀ lé ọ̀rọ̀ bí ẹ ṣe ń sọ ọ́. Ọ̀rọ̀ á yéni, ohùn á sì tún ṣókùnkùn ju kọ́ọ̀dù lọ. Ẹni tó bá ti gbọ́ dadakúàdà dáadáa kò ní pẹ́ kọ́ ọ, nítorí etí rẹ̀ ti mọ bí ìlù ti ń tẹ̀ lé ọ̀rọ̀.

Nípa iná

Reznor ní òru Cleveland. Òru tiwa ní jẹnẹrétọ̀ nínú. Iná ilẹ̀ wa jẹ́ 50 Hz, ariwo rẹ̀ sì máa ń wọ inú orin ní 50, 100, 150, bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀ lọ. Bí ẹ bá gbọ́ ariwo bí ti kòkòrò nínú sípíkà, ẹ yọ ṣájà láptọ́ọ̀pù. Bí ó bá dákẹ́, ṣájà yẹn ló ń fà á. Ẹ gba orin lórí bátìrì. Bí kò bá dákẹ́, ẹ wo wáyà: lo wáyà balanced (èyí tó ń pa ariwo rẹ́) láti interface (ẹ̀rọ tó ń gbé ohùn wọ kọ̀ǹpútà àti jáde) sí sípíkà. Ìnfátà olówó pọ́ọ́kú tí iná rẹ̀ kì í ṣe pure sine máa ń bú sínú gbogbo nǹkan, kò sì sí filter tó ń mú un kúrò tán, nítorí ariwo rẹ̀ tàn kálẹ̀ dé òkè. Jẹnẹrétọ̀ kékeré pàápàá kì í dúró lójú 50. Bí ẹ bá gbé fíríìjì lé e, ó lè bọ́ sí 48, ariwo inú orin náà á sì yí padà láàárín orin kan, èyí tó mú kí ó ṣòro láti gé. Ẹ kúkú gba ariwo jẹnẹrétọ̀ náà lọ́tọ̀, ohùn tó dára ni, kí ẹ sì pa á nígbà tí ẹ bá ń gba ohùn ẹnu.

Bí iná bá lọ nígbà tí hard drive ń kọ nǹkan, fáìlì orin lè bàjẹ́ pátápátá. Ẹ to autosave (ìfipamọ́ tó ń ṣẹlẹ̀ fúnra rẹ̀) sí ìṣẹ́jú márùn-ún, kí ó máa ṣe ẹ̀dà tuntun, kí ó má máa tẹ èyí tó ti wà rẹ́.

Ìwé àti owó

Pretty Hate Machine tà dáadáa, ṣùgbọ́n Reznor àti ilé iṣẹ́ tó gbé e jáde, TVT Records, kò gbọ́ ara wọn yé lórí irú orin tó yẹ kó tẹ̀ lé e. Ó lọ gba orin tuntun ní ìkọ̀kọ̀, pẹ̀lú orúkọ mìíràn, kí TVT má baà mọ̀. Ilé iṣẹ́ orin mìíràn, Interscope, ló wá dá sí ọ̀rọ̀ náà, Broken sì jáde ní 1992. Ọdún yẹn kan náà ni òun àti mánájà rẹ̀, John Malm, dá ilé iṣẹ́ orin tiwọn, Nothing Records, sílẹ̀. The Downward Spiral tẹ̀ lé e ní oṣù kẹta 1994, ó wọ ipò kejì lórí àtẹ Billboard lọ́sẹ̀ àkọ́kọ́. The Fragile jáde ní oṣù kẹsàn-án 1999, àwo méjì pọ̀, ó wọ ipò kìíní. Ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e ó já sí ipò kẹrìndínlógún.

Ní 2004 ó gbé mánájà rẹ̀ lọ sí ilé ẹjọ́ ní New York. Ohun tó wà ní àárín ìjà náà ni ìwé kan tó fọwọ́ sí nígbà tó ṣì ń bẹ̀rẹ̀: ìwé náà fún mánájà ní ogún nínú ọgọ́rùn-ún gbogbo owó tó bá wọlé, kí a tó yọ ìnáwó. Ní 2005 ìgbìmọ̀ adájọ́ dá Reznor láre, wọ́n ní kí ó gba owó tó tó nǹkan bí mílíọ̀nù mẹ́ta dọ́là.

Ẹ jẹ́ kí a fi náírà ṣírò rẹ̀. Ká ní ẹ ṣe orin níbi kan, wọ́n san ₦1,000,000, ẹ sì ná ₦700,000 lórí ọkọ̀, sípíkà, iná àti àwọn tó bá yín ṣiṣẹ́. Bí mánájà bá gba ogún lórí gbogbo owó, ₦200,000 ni tirẹ̀, ₦100,000 ni tiyín. Bí ó bá gba ogún lórí ohun tó kù, ₦60,000 ni tirẹ̀, ₦240,000 ni tiyín. Ọ̀rọ̀ kan péré ló yàtọ̀ nínú ìwé méjèèjì.

Nígbà tí àdéhùn rẹ̀ pẹ̀lú Interscope parí ní 2007, ó dán nǹkan wò. Ó kọ́kọ́ bá akéwì àti olórin kan, Saul Williams, gbé àwo kan sórí íntánẹ́ẹ̀tì: ẹ gbà á lọ́fẹ̀ẹ́, tàbí kí ẹ san dọ́là márùn-ún. Nígbà tí ọdún 2008 wọlé, ó gbé iye náà jáde fún gbogbo ayé rí: 154,449 ènìyàn ló gbà á, 28,322 ló sanwó. Ìyẹn kò tó ìdá kan nínú márùn-ún. Inú rẹ̀ kò dùn, ó sì sọ bẹ́ẹ̀.

Ní 2 oṣù kẹta 2008, ó gbé Ghosts I–IV jáde, orin 36, kò sí ohùn ẹnu nínú rẹ̀. Lọ́tẹ̀ yìí kò béèrè bóyá ẹ fẹ́ san tàbí ẹ kò fẹ́. Orin mẹ́sàn-án àkọ́kọ́ jẹ́ ọ̀fẹ́. Gbogbo rẹ̀, dọ́là 5. CD méjì, dọ́là 10. Èyí tó ní àpótí, dọ́là 75. Èyí tó ga jù, dọ́là 300, tó fọwọ́ sí, 2,500 péré ni. Ọ̀sẹ̀ kan kò tíì pé tí owó tó lé ní mílíọ̀nù kan ààbọ̀ dọ́là wọlé. Ẹ wo ìṣírò náà dáadáa: 2,500 lọ́nà 300 jẹ́ 750,000. Nínú ènìyàn tó sún mọ́ ẹgbẹ̀rún lọ́nà ẹgbẹ̀rin tó gbà á tàbí tó rà á lọ́sẹ̀ náà, àwọn 2,500 yẹn nìkan ló mú bí ìdajì owó wá.

Kí ni èyí jẹ́ fún ẹni tó wà ní Òmù-Àrán tó ní olùgbọ́ ọgọ́rùn-ún méjì? Ó jẹ́ pé kí ó má gbé gbogbo ìrètí lé stream (gbígbọ́ orin lórí íntánẹ́ẹ̀tì). Láti 2024, orin tí kò bá tó ìgbà 1,000 tí wọ́n gbọ́ ọ láàárín oṣù méjìlá kò ní gba kọ́bọ̀ lórí Spotify. Ẹ gbé orin síbẹ̀ kí ènìyàn lè rí yín, ó dára. Ṣùgbọ́n kí ẹ ṣe ohun kan tí ọwọ́ lè dì mú, ogún péré, tí àpò rẹ̀ jẹ́ aṣọ òfì tí wọ́n hun ní Ìlọrin, tí orin àti nọ́mbà wà nínú rẹ̀. Kí ẹ tó forúkọ sílẹ̀ lórí ibi ìtàjà èyíkéyìí, ẹ wò bóyá ọ̀nà tí wọ́n fi ń san owó lè dé báǹkì Nàìjíríà. Ọ̀pọ̀ ló máa ń mọ̀ lẹ́yìn tí owó ti há sọ́hùn-ún.

Reznor kò sì sọ dídá dúró di ẹ̀sìn. Àwo Hesitation Marks ní 2013, ilé iṣẹ́ ńlá Columbia ló bá a gbé e jáde. Kò burú, ó mọ ohun tó ń fi sílẹ̀ àti ohun tó ń gbà.

Ohun tí a mú àti ohun tí a kò gbọ́dọ̀ mú

Ìwé àṣẹ tó fi sára Ghosts sọ pé ẹnikẹ́ni lè lò ó, ṣùgbọ́n kì í ṣe fún títà. Pùródúsà ọ̀dọ́ kan ní Netherlands, YoungKio, gé apá kan nínú orin kẹrìnlélọ́gbọ̀n, ó ṣe bíìtì, olórin Amẹ́ríkà Lil Nas X sì ra bíìtì náà ní dọ́là 30. Old Town Road nìyẹn. Ó lo ọ̀sẹ̀ 19 ní ipò kìíní ní Amẹ́ríkà ní 2019. Nítorí pé wọ́n fẹ́ tà á, wọ́n ní láti wá Reznor àti Ross rí, wọ́n sì kọ orúkọ àwọn méjèèjì sí i gẹ́gẹ́ bí ara àwọn tó dá orin náà sílẹ̀ àti pùródúsà. Orin tí kò ní ohùn ẹnu, tó ti pé ọdún mọ́kànlá, wá di owó, nítorí pé ẹni tó ṣe é ló ṣì mú un dání.

Nítorí náà, bí ẹ bá gba ìró lọ́dọ̀ ahunṣọ tàbí onílù, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ lọ́jọ́ náà: orúkọ rẹ̀, ọjọ́, ibi, iye tí ẹ san, àti ìdá tí yóò jẹ́ tirẹ̀ bí orin bá tà. Bí ó bá jẹ́ onílù tó fi ìlù sọ̀rọ̀, òun náà jẹ́ ẹni tó dá orin sílẹ̀. Owó ọjọ́ kan kò ra ìyẹn. Òfin ẹ̀tọ́ àdàkọ Nàìjíríà ti 2022 ní kí gbígbé ẹ̀tọ́ fún ẹlòmíràn wà lákọsílẹ̀. Ọ̀rọ̀ WhatsApp dára ju ẹnu lásán lọ, ṣùgbọ́n bébà tí ẹni méjì fọwọ́ sí ló dára jù.

Ohùn kan wà tí a kò gbọ́dọ̀ mú. Ní 1981, àwọn olórin méjì, Brian Eno àti David Byrne, gbé àwo kan jáde tí wọ́n fi àkọlé ìwé Amos Tutuola, ọmọ Abẹ́òkúta, sọ ọ́: My Life in the Bush of Ghosts. Wọ́n fi kíkà Àlùkùránì sínú orin kan níbẹ̀. Àwọn Mùsùlùmí ní ìlú ọba fẹ̀sùn kàn wọ́n, wọ́n sì yọ orin náà kúrò nínú àwọn ẹ̀dà tó tẹ̀ lé e. Ní 2008, Sony ní láti sún ìjáde eré kọ̀ǹpútà LittleBigPlanet síwájú, nítorí orin kan nínú rẹ̀ tó ní ọ̀rọ̀ Àlùkùránì. Ní Ìlọrin, kò sí ẹni tó nílò kí a ṣàlàyé èyí jù báyìí lọ. Bákan náà ni ohùn orò àti ti egúngún ní ilẹ̀ Ìgbómìnà: bí àwọn tó ni í kò bá fún yín, ẹ fi sílẹ̀. Dídí tí ẹ̀rọ lè dí ohùn mọ́lẹ̀ kò sọ pé wọn kò ní dá a mọ̀.

Fíìmù

Apá mìíràn nínú iṣẹ́ Reznor ni èyí. Òun àti Ross gba Oscar ní 2011 fún orin The Social Network, wọ́n tún gbà á ní 2021 fún Soul, pẹ̀lú Jon Batiste. Ní 2025, orúkọ Nine Inch Nails gan-an ni wọ́n fi ṣe orin Tron: Ares. Ohùn ìsàlẹ̀ tó ń mí, tí a tẹ́ lẹ́ẹ̀kan, ló gbé wọn débẹ̀.

Fíìmù Yorùbá ń fẹ́ ohùn báyìí, nítorí ọ̀pọ̀ olóòtú ṣì ń lo orin ẹ̀rù tí wọ́n wà jáde lórí íntánẹ́ẹ̀tì. Bí ẹ bá fẹ́ wọ ibẹ̀, fáìlì 48 kHz, 24-bit ni kí ẹ gbé kalẹ̀, kì í ṣe 44.1, nítorí iye fíìmù ni 48. Ẹ pín in sí stem (apá orin tó dá dúró) mẹ́rin: ìsàlẹ̀, ìró, ìlù, ohùn òkè, kí olóòtú lè pa ọ̀kan láì pe yín. Ẹ dín 1 sí 4 kHz kù díẹ̀ nínú orin tó wà lábẹ́ ọ̀rọ̀, nítorí ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ ẹnu ti máa ń yéni. Ti àwo orin, ẹ jẹ́ kí ó dúró ní nǹkan bí −14 LUFS (ìwọ̀n bí orin ṣe ń pariwo sí), kí true peak (ibi tí ohùn ga jù) má ju −1 dB lọ. Bí ẹ bá fún un pọ̀ kí ó lè pariwo, Spotify á fà á sísàlẹ̀, ibi tó yẹ kó dákẹ́ á sì ti sọnù.

Ó ku fáìlì. Ìṣẹ́jú kan ohùn mono ní 48 kHz, 24-bit jẹ́ nǹkan bí 8.6 MB, orin ìṣẹ́jú márùn-ún tó ní trákì ogójì jẹ́ bí 1.7 GB. Àwo orin mẹ́wàá, 17 GB: hard drive kékeré gbà á láìsí wàhálà, nítorí náà kò sí àwáwí. Ní 1 oṣù kẹfà 2008, iná jó ibi ìpamọ́ kan ní Universal Studios ní Los Angeles, mástà (ojúlówó ohùn tí wọ́n kọ́kọ́ gbà) ti ọ̀pọ̀ olórin ńlá sì jóná níbẹ̀. Ọdún 2019 ni aráyé tó gbọ́ bó ṣe tó. Ẹ tọ́jú ẹ̀dà mẹ́ta, kí ọ̀kan má sí nínú ilé kan náà pẹ̀lú èyí yòókù, àní bó jẹ́ ilé ẹ̀gbọ́n yín ní Ọ̀fà. Ẹ má fi trákì sílẹ̀ gẹ́gẹ́ bí plugin lásán. Ẹ yọ wọ́n jáde sí WAV, kí gbogbo wọn bẹ̀rẹ̀ láti òdo, kí orúkọ orin, BPM àti ọjọ́ wà lára fáìlì, nítorí plugin tí ẹ lò lónìí lè máà ṣí lórí kọ̀ǹpútà tí ẹ máa rà. Ẹ ya fọ́tò àwọn ìwé àdéhùn, ẹ fi sínú fódà kan náà pẹ̀lú orin tó kàn. Ní oṣù mẹ́ta-mẹ́ta, ẹ so drive náà mọ́ kọ̀ǹpútà, ẹ ṣí orin kan, ẹ gbọ́ ọ dópin. Drive tó ti jókòó fún ọdún méjì láìṣiṣẹ́ lè máà dìde mọ́.